Fíìmù Jiří Menzel méjì: èwo lẹ máa kọ́kọ́ wò?

Àwọn èèyàn máa ń bi mí gan-an, torí kò sẹ́ni tó mọ ìlú kékeré ilẹ̀ Czech yà sínú fíìmù bíi Menzel, olùdarí fíìmù ọmọ ilẹ̀ Czech. Ostře sledované vlaky ti 1966 àbí Vesničko má středisková ti 1985?

Tó bá jẹ́ ti àkókò, ìkankan ò tó wákàtí méjì. Vlaky ò ní kọ́lọ̀, dúdú àti funfun ni, Vesničko ní kọ́lọ̀ dáadáa.

Ti Vlaky, inú ìwé Bohumil Hrabal ló ti wá, ó sì gba Oscar. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan ń kọ́ṣẹ́ ní ibùdó ọkọ̀ ojú irin nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, tí àwọn Jámánì gba ilẹ̀ wọn, ẹ máa rẹ́rìn-ín o, àmọ́ ọmọ yẹn gbìyànjú láti pa ara ẹ̀, ogun náà ò sì jìnnà, ọkàn yín lè wúwo tó bá parí.

Vesničko rọrùn jù ú lọ, Zdeněk Svěrák ló kọ ọ́, abúlé Křečovice ni wọ́n ti yà á. Ọ̀rọ̀ Otík, ọmọ ẹ̀yìn ọkọ̀ tí làákàyè ẹ̀ ò fi bẹ́ẹ̀ pé, ti sú Pávek tó ń wa lọ́rì náà, ìgbà yẹn náà ni ẹnì kan ní Prague ń wá ọ̀nà àtigba ilé Otík. Mo fẹ́ràn bí gbogbo abúlé ṣe ń mójú tó o.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ mọ ohun tí ogun ṣe fún ìlú kékeré, Vlaky ni. Tó bá jẹ́ pé ẹ̀yin àti màmá yín lẹ jọ fẹ́ wò ó lálẹ́ Sọ́ńdè, Vesničko ni kẹ́ ẹ mú.