Don't Look Now lórí díìsì 4K: Venice tí àlejò kì í rí

Ẹni tó bá ń wá Venice olóòrùn, ti orin àti ọkọ̀ gondola, kó yáa wá fíìmù mìíràn. Ìgbà òtútù ni Nicolas Roeg ya eléyìí, ó sì jáde ní 1973. Òtẹ́ẹ̀lì ń palẹ̀ mọ́, wọ́n ti ń da aṣọ bo àga. Ọmọ tọkọtaya tí Donald Sutherland àti Julie Christie ṣe ti kú sómi ní Ìlú Ọba tòun ti ẹ̀wù òjò pupa lọ́rùn, ọkọ wá ń tún ṣọ́ọ̀ṣì ṣe ní Venice, ìlú Italy tí omi yí ká.

San Nicolò dei Mendicoli ni ṣọ́ọ̀ṣì náà, wọ́n sì ń tún un ṣe lóòótọ́ nígbà náà. Ẹ wo ibi tí ọkọ ti ń fi òkúta wẹ́wẹ́ tuntun wé ti àtijọ́ lára ògiri: pákó já látòkè, pèpele tó dúró lé dà nù, okùn ló kù tó dì mú. Lórí díìsì 4K, èyí tí àwòrán rẹ̀ mọ́ ju ti Blu-ray lásán lọ, tí ilé-iṣẹ́ fíìmù StudioCanal gbé jáde ní 2019, àwọ̀ òkúta kọ̀ọ̀kan hàn, ọ̀rinrin ara ògiri náà hàn. Apá ti ọ̀gá ọlọ́pàá ló fà jù, lójú tèmi.

Bí wọ́n ṣe ṣètò àwòrán inú tẹlifíṣọ̀n ló máa ń ba fíìmù yìí jẹ́. Ẹ yan Filmmaker Mode tàbí Cinema. Ẹ pa ètò tó ń fi àwòrán kún àwòrán: TruMotion tó bá jẹ́ LG, Motionflow tó bá jẹ́ Sony, Auto Motion Plus tó bá jẹ́ Samsung, torí àwòrán 24 ló wà nínú ìṣẹ́jú-àáyá kan. Bí tẹlifíṣọ̀n bá fi tirẹ̀ kún un, ìrìn àwọn èèyàn á máa yọ̀ bọ̀rọ́. Ẹ pa Noise Reduction, ètò tó ń nu ìdọ̀tí ojú àwòrán, náà. Ìdọ̀tí ló ń pe kùrukùru àti hóró wẹ́wẹ́ ara fíìmù, á nu gbogbo rẹ̀, ojú òṣèré á wá dà bí àbẹ́là. Vivid, ètò tó ń mú àwọ̀ le, ní tirẹ̀ á jẹ́ kí pupa ẹ̀wù òjò yẹn tú jáde kọjá etí aṣọ, bẹ́ẹ̀ pupa yẹn ni ojú yẹ kó máa wá kiri. Ẹ paná yàrá, pàápàá fún ọ̀nà tóóró ìparí.

Wọ́n ń sọ èdè Italy láìtúmọ̀ rẹ̀. Wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ ṣe é ni, kí ọ̀nà lè sọnù mọ́ àwa náà lọ́wọ́. Ìran ìbùsùn rẹ̀ gùn, ẹ má bá ọmọdé wò ó.

Ẹ̀rọ Blu-ray lásán kò lè ka díìsì 4K. Blu-ray tó bá a wá nínú páálí, region B ni, ìyẹn ẹkùn tí wọ́n ṣe díìsì náà fún: Nàìjíríà àti Bìrìtìkó wà níbẹ̀, àmọ́ ẹ̀rọ tí wọ́n ń tà l'Amẹ́ríkà á kọ̀ ọ́. Ti 4K kò ní ààlà.