Fourth Wing àti Iron Flame: Èwo Ni Kí Ẹ Kọ́kọ́ Rà?

Bí ẹ bá dúró níwájú olùtàwé ní Wuse, nílùú Àbújá, tí owó ọwọ́ yín kò ju ti ìwé kan lọ, tí Fourth Wing àti Iron Flame sì jọ wà lórí àtẹ, Fourth Wing ni kí ẹ mú, kódà bí wọ́n bá dín owó èkejì kù. Rebecca Yarros, ará Amẹ́ríkà, ló kọ ìwé ìtàn àròsọ méjèèjì. Àkọ́kọ́ jáde ní oṣù Karùn-ún ọdún 2023, èkejì ní oṣù Kọkànlá ọdún kan náà. Ibi tí àkọ́kọ́ parí sí ni èkejì ti bẹ̀rẹ̀, kì í sì í dúró ṣàlàyé fún àlejò.

Fourth Wing yára. Violet ni ọmọbìnrin tí ìtàn náà dá lé. Ìyá rẹ̀, tí í ṣe ọ̀gágun, ló fi dandan mú un wọ ilé ẹ̀kọ́ àwọn tó ń gun drágónì, ẹranko inú ìtàn tó ń fò, tó sì ń tu iná lẹ́nu, bó tilẹ̀ jẹ́ pé oríkèé ara Violet máa ń tètè yẹ̀. Drágónì ló ń yan ẹni tí yóò gun òun níbẹ̀, bí òrìṣà ti í yan ẹlẹ́gùn rẹ̀. Inú ìṣọ̀tá ni ìfẹ́ Violet sí Xaden ti hù, torí ọmọ olórí ọlọ̀tẹ̀ tí wọ́n pa ni Xaden.

Iron Flame ni èmi fẹ́ràn jù. Ìfẹ́ ti wọlé tán. Ohun tó kù ni ìfọkàntán. Wọ́n gbé Xaden lọ sẹ́nu ibodè, ṣùgbọ́n tọkọtaya ni drágónì rẹ̀ àti ti Violet, wọn kò sì lè pẹ́ kí wọ́n tó fojú kanra, nítorí náà apá àwọn ọ̀gá kò ká a láti ya àwọn olólùfẹ́ náà pátápátá. Àwa tí a ń ṣiṣẹ́ ní Àbújá, tí ọkọ tàbí aya wa wà ní Ìbàdàn, mọ bí ọjọ́ tí a ń kà ṣe máa ń gùn tó. Bí wọ́n bá sì pàdé, aáwọ̀ ni: Xaden ní kí Violet béèrè ohunkóhun, òun yóò dáhùn, Violet fẹ́ kí ó sọ ọ́ láìjẹ́ pé òun béèrè. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ka ibẹ̀ nínú ọkọ̀ Kubwa, nítorí pé irú ìjà tó ń ba ilé jẹ́ gan-an nìyẹn.

Iron Flame gùn, ó lé ní ojú ewé 600, apá kejì rẹ̀ sì ń wọ́ níbi tí ọ̀rọ̀ ààbò ìlú ti pọ̀. Àgbàlagbà ni wọ́n kọ méjèèjì fún; wọn kò fi ọ̀rọ̀ ibùsùn pamọ́, nítorí náà ẹ má rà á fún ọmọ girama. Ẹ yẹ ẹ̀yìn ìwé wò kí ẹ tó sanwó: ayédèrú tí mo kọ́kọ́ rà lẹ́bàá títì, gọ́ọ̀mù rẹ̀ gbẹ nígbà ọyẹ́, ewé rẹ̀ sì ń já bọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan lórí ẹsẹ̀ mi. Kí ẹ sì tọ́jú owó Onyx Storm, ìwé kẹta tó tẹ̀lé wọn, tó jáde ní oṣù Kìíní ọdún 2025, sápá kan, torí ohun tó dé bá Xaden ní ìparí Iron Flame kò lójútùú níbẹ̀.