Fíìmù Telugu inú fláàṣì l'Adó-Èkìtì: ẹ wò ó kí ẹ tó sanwó

Lọ́dọ̀ àwọn tó ń fi fíìmù sí fláàṣì l'Adó àti Ìwòrókò, "fíìmù Íńdíà" lorúkọ tí gbogbo rẹ̀ ń jẹ́. RRR ń bẹ níbẹ̀, apá méjèèjì Baahubali náà ń bẹ níbẹ̀, bẹ́ẹ̀ fíìmù èdè Telugu ni wọ́n, láti ìlú Hyderabad ní gúúsù Íńdíà. Ẹ̀dà RRR ti èdè Hindi, èdè Íńdíà mìíràn, ni Netflix gbé jáde, òun náà ló sì kún ọwọ́ àwọn oníṣọ́ọ̀bù. ZEE5, ìkànnì fíìmù Íńdíà kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ni wọ́n gbé ti Telugu gan-an sí.

Ká sọ òótọ́, iṣẹ́ wọn yá, owó wọn ò sì ga. Ọjà tí wọ́n ń tà ló níṣòro. Bí ẹ bá rí CAM lára orúkọ fáìlì, inú sinimá lẹnì kan ti fi fóònù ká a: àwòrán á dagun, orí èèyàn á máa kọjá níwájú, ohùn á sì dà bíi ti ẹni tó há sínú àgbá. Èyí tó mọ́ náà ní àléébù tirẹ̀. RRR lé ní wákàtí mẹ́ta. Bí wọ́n bá fún un mọ́ 700 MB, ibi ìjà àti ijó ló ń kọ́kọ́ di wúruwùru. Bó bá jẹ́ x265 (ọ̀nà tuntun kan tí wọ́n fi ń fún fídíò pọ̀), tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ lè má gbé àwòrán jáde rárá, ohùn nìkan lẹ ó máa gbọ́. Fáìlì .srt tó ní àkọlé Gẹ̀ẹ́sì ńkọ́? Wọn kì í sábà rántí ẹ̀. Bí wọ́n bá tiẹ̀ rántí, tí orúkọ rẹ̀ ò bá ti fíìmù mu, tẹlifíṣọ̀n lè má rí i.

Ní Íńdíà lọ́hùn-ún, agbègbè-agbègbè ni àwọn alágbàtà ń ra fíìmù Telugu: Nizam, Ceded, Andhra. Ọjọ́ díẹ̀ àkọ́kọ́ ni wọ́n ti ń retí kí owó wọn padà, ìdí nìyẹn tí CAM ọjọ́ kìíní fi ń dùn wọ́n ju ẹ̀dà tó mọ́ tó jáde lẹ́yìn oṣù kan lọ. Lọ́dún 2013, ìdajì fíìmù Telugu kan, Attarintiki Daredi, ti bọ́ sórí íntánẹ́ẹ̀tì kó tó dé sinimá. Kíá ni wọ́n fa ọjọ́ ìgbéjáde rẹ̀ wá sí 27 September. Òfin Íńdíà ti 2023 wá fi ẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́ta sí ọdún mẹ́ta lé jíjí fíìmù ká, owó ìtanràn sì lè dé ìdá 5 nínú 100 owó tí wọ́n fi ṣe fíìmù náà. (Àwọn ìsọ̀ l'Adó kan náà yìí ló ń kó fíìmù Yorùbá tiwa sí fláàṣì.)

Ìràwọ̀ méjì nínú márùn-ún ni mo fún àwọn onífláàṣì wọ̀nyí, ti yíyára nìkan ni. Ẹni tó ń wo fíìmù lórí fóònù, ètò Netflix ti fóònù nìkan ló pọ́ọ́kú jù níbẹ̀. Ẹ fi dátà òru dáńlóòdù, ẹ yan "Standard" kó má baà jẹ dátà jù, kí ẹ sì tètè wò ó, torí fíìmù tẹ́ ẹ bá dáńlóòdù níbẹ̀ ní ọjọ́ tó ń kú.