Ìkìlọ̀ o! Fódà kọ̀, kò gba fáìlì? Ẹ má tíì sanwó fún ẹnikẹ́ni

Ẹ̀yin èèyàn mi, tí kọ̀ǹpútà Windows yín bá ṣàdédé ní òun ò ní fi fáìlì pamọ́ sínú fódà, tó ń kọ "Access is denied" (ìyẹn ni pé kò gbà yín láàyè) síwájú yín, ẹ fara balẹ̀. Àwọn gbájúẹ̀ ti mọ̀ pé ìṣòro yìí wọ́pọ̀, wọ́n sì ti dẹ pàkúté sórí íntánẹ́ẹ̀tì de ẹni tó bá ń wá ojútùú rẹ̀.

Àwọn kan ń ta áàpù "àtúnṣe". Ẹ ó gbé e sórí kọ̀ǹpútà lọ́fẹ̀ẹ́, yóò ṣe bí ẹni ń yẹ̀ ẹ́ wò, àfi gbòlà! àṣìṣe rẹpẹtẹ ní pupa fòò. Àyẹ̀wò ló jẹ́ ọ̀fẹ́ o, àtúnṣe ni ẹ máa sanwó fún. Ọ̀pọ̀ ohun tó kà sílẹ̀ yẹn ni kò kan fódà yín rárá.

Àwọn tó ń fi ìkìlọ̀ ayédèrú, bí ẹni pé Microsoft tó ni Windows ló kọ ọ́, gbé nọ́ńbà fóònù síwájú èèyàn ló wá burú jù. Microsoft fúnra wọn ti sọ ọ́ pé ìkìlọ̀ tó bá ti ọ̀dọ̀ àwọn wá kì í ní nọ́ńbà fóònù nínú. Ẹ bá pe nọ́ńbà náà, gbájúẹ̀ tó gbé e á ní kí ẹ gbé AnyDesk tàbí TeamViewer sórí kọ̀ǹpútà, áàpù tí èèyàn fi ń darí kọ̀ǹpútà ẹlòmíì láti òkèèrè (áàpù gidi ni méjèèjì, ọwọ́ olè ni wọ́n bọ́ sí). Á ṣí Event Viewer, ibi tí Windows ń kọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú kọ̀ǹpútà sí, á ní ṣé ẹ rí àwọn àmì pupa yẹn, fáírọ́ọ̀sì ni gbogbo wọn. Irọ́ gbuu! Kọ̀ǹpútà tí ara rẹ̀ dá ṣáká náà ń ní irú àmì bẹ́ẹ̀ níbẹ̀. Tó bá ti ní kí ẹ fi "gift card" sanwó, ẹ gé fóònù. Ẹlòmíì nínú wọn á fún "Everyone" (gbogbo ẹni tó bá lo kọ̀ǹpútà náà) ní "Full control" (àṣẹ pátápátá) lórí gbogbo drive C. Fódà á gba fáìlì lóòótọ́, àmọ́ ilẹ̀kùn ilé ló ṣí sílẹ̀ gbayawu yẹn.

Bẹ́ẹ̀, ohun tí ẹ nílò ti wà nínú Windows. Tó bá jẹ́ pé inú hard disk kọ̀ǹpútà àtijọ́ ni fódà náà ti wá, àkáǹtì tibẹ̀ ni Windows ṣì ń kà sí ẹni tó ni ín. Ẹ lo àkáǹtì tó jẹ́ Administrator, èyí tó ní àṣẹ lórí kọ̀ǹpútà: ẹ fi bọ́tìnnì ọ̀tún máòsì tẹ fódà náà, Properties, Security, Advanced, kí ẹ tẹ Change lẹ́gbẹ̀ẹ́ Owner, kí ẹ kọ orúkọ àkáǹtì yín síbẹ̀. Ẹ máàkì "Replace owner on subcontainers and objects", kí àwọn fódà inú rẹ̀ lè tẹ̀ lé e. Lẹ́yìn náà, ẹ padà sí Security, kí ẹ fún àkáǹtì yín ní "Modify", ìyẹn àyè láti kọ fáìlì àti láti yí i padà. Fódà tiyín nìkan o! Fódà Windows àti ti Program Files, Microsoft ló mọ̀ọ́mọ̀ tì wọ́n.

Tó bá sì jẹ́ áàpù kan ṣoṣo ni kò lè kọ nǹkan sínú Documents tàbí Pictures, ẹ wo Controlled folder access, ààbò tí kì í jẹ́ kí áàpù tí Windows kò fọkàn tán yí fáìlì inú àwọn fódà yẹn padà, tó ti wà nínú Windows 10 láti 2017. Inú Windows Security, lábẹ́ Ransomware protection, ló wà. Ẹ fi áàpù tí ẹ fọkàn tán sára àwọn tó gbà láàyè, ẹ má pa ààbò náà.

Ẹni tó bá ti jẹ́ kí àwọn gbájúẹ̀ wọlé sórí kọ̀ǹpútà rẹ̀, kó já kọ̀ǹpútà kúrò lórí íntánẹ́ẹ̀tì báyìí, kó yọ áàpù tí wọ́n fi wọlé, kó fi ẹ̀rọ mìíràn pààrọ̀ páásíwọ̀ọ̀dù rẹ̀, kó sì pe báńkì.