Rọ́ọ̀gì dára, ohun tí wọ́n ní kí n tẹ́ sábẹ́ rẹ̀ ló ba ilẹ̀ pákó mi jẹ́

Ọmọ ló da ògì sórí rọ́ọ̀gì. Ká ní kò dà á ni, bóyá títí di òní mi ò bá má tíì mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú pálọ̀ ara mi.

Ọjọ́ Sátidé àkọ́kọ́ nínú oṣù kẹrin ni. Mo ká rọ́ọ̀gì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan kí n lè fọ ibi tí ògì dà sí, mo wá fẹ́ ká ọ̀rá oníhò bí àwọ̀n tó wà lábẹ́ rẹ̀, èyí tí wọ́n ń tà pé kì í jẹ́ kí rọ́ọ̀gì yọ̀. Kò fẹ́ ká. Ó ti lẹ̀ mọ́ pákó, bí mo sì ṣe ń fà á ló ń dún ṣá-ṣá-ṣá bí ìgbà tí èèyàn ń bó pílásítà kúrò lójú egbò. Nígbà tó ká tán, àwọ̀n yẹn ṣì wà nílẹ̀. Mo ti ká a, ó wà lọ́wọ́ mi, ó tún wà nílẹ̀! Gbogbo ihò rẹ̀ pátá ló ti yà sójú pákó ní àwọ̀ yẹ́lò tó pọ́n bí ojú ẹni tí ibà pọ́njú ń ṣe, mítà méjì níbùú, mítà mẹ́ta lóròó. Bí ẹ bá ti rí àdìrẹ tí aláró ò fọ̀ dáadáa rí, bó ṣe rí gan-an nìyẹn.

Mo fi aṣọ tútù nù ún. Mo fi ọṣẹ ilẹ̀ pákó nù ún. Mo fi èékánná họ ọ́. Kò lọ. Mo jókòó sílẹ̀ níbẹ̀, ọmọ ń ké, ògì ń gbẹ lára rọ́ọ̀gì, mi ò gbọ́ nǹkan kan.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bí a ṣe débẹ̀. Ilé wa ní Plumstead, ní London, ti lé ní ọgọ́rùn-ún ọdún. Nígbà tí a rà á, kápẹ́ẹ̀tì olóòórùn ajá ló bo gbogbo ilẹ̀. A ká a, a bá pákó igi páìnì gidi nísàlẹ̀, a pe ẹni tó fi ẹ̀rọ fá a, ó kùn ún ní fánísì, gbogbo àlejò tó bá wọlé ló máa ń kọ́kọ́ wolẹ̀. Àfi Màmá mi nìkan. Màmá dé láti Òrè nínú oṣù kọkànlá láti wá bá wa gbé ọmọ tuntun, wọ́n wo ilẹ̀ yẹn, wọ́n wo ojú mi, wọ́n ní, "Àbẹ̀kẹ́, ṣé owó síméńtì ló wọ́n yín ni?"

Kò pé ọjọ́ mẹ́rin tí wọ́n fi sáré lọ gbé ọmọ tó ń ké, rọ́ọ̀gì kékeré tó wà níwájú àga yọ̀ mọ́ wọn lẹ́sẹ̀. Orí ló yọ wọ́n. Ọwọ́ wọn ba àga mú. Mi ò sùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Ilé ti ń mọ́ bọ̀ nígbà tí mo pinnu pé mo máa ra rọ́ọ̀gì ńlá tó wúwo, kí n sì ra ohun tó máa dì í mú.

Ibi tí mo ti rà á, ilé ìtajà ńlá kan ni, ọ̀kan lára àwọn tó ń ta kápẹ́ẹ̀tì, pákó àti fèrèsé bíláìndì pọ̀ lápá gúúsù London. Mi ò ní dárúkọ wọn. Rọ́ọ̀gì yẹn fúnra rẹ̀, ẹ ṣeun, ẹ kú iṣẹ́. Irun àgùntàn ni, ó nípọn, ògì tí mo ń sọ yìí lọ pátápátá, ọmọ ti ń rákò lórí rẹ̀ báyìí, orúnkún rẹ̀ kò pọ́n. Mi ò ní pẹ̀gàn rẹ̀. Àmọ́ nígbà tí mo fẹ́ sanwó, ọ̀dọ́mọkùnrin tó wà nídìí owó ló ní, "Ilẹ̀ pákó ni? Ẹ nílò èyí," ó sì fa ọ̀rá oníhò méjì yọ, pọ́n-ùn 24 lọ́kọ̀ọ̀kan, ọ̀kan fún pálọ̀, ọ̀kan fún rọ́ọ̀gì yàrá. Wọ́n kọ ọ́ sára rẹ̀ gàdàgbà pé kò léwu fún ilẹ̀ gbogbo. Ilẹ̀ gbogbo!

Mo fóònù wọn lọ́jọ́ Sátidé yẹn gan-an. Wọ́n fi mí sórí orin fún ìṣẹ́jú mọ́kànlélógójì, mo kà á. Obìnrin tó gbé e ní kí n fi fọ́tò ránṣẹ́. Mo fi mẹ́sàn-án ránṣẹ́. Ọjọ́ kẹta, ìdáhùn dé: wọ́n kú ìbánikẹ́dùn, ṣùgbọ́n oòrùn ló ṣe é, pé pákó tí rọ́ọ̀gì bò kì í ní àwọ̀ kan náà pẹ̀lú èyí tí ìmọ́lẹ̀ ń kàn, pé kò sí ohun tó burú lára ọjà àwọn.

Òótọ́ wà níbẹ̀, ìyẹn ló tilẹ̀ bí mi nínú jù. Pákó páìnì máa ń pọ́n sí i bí ìmọ́lẹ̀ bá ń kàn án, ibi tí a bá bò á wà ní fífúnfun. Ṣùgbọ́n ẹ bá mi bi wọ́n: oòrùn wo? Oṣù kọkànlá sí oṣù kẹta ní London, a rí oòrùn rí? Àti pé oòrùn tó bá fẹ́ yà á, ṣebí gbogbo ibi tí rọ́ọ̀gì bò lódindi ló máa yà, kì í ṣe ihò ihò. Oòrùn kì í hun àwọ̀n.

Mo sáré gun òkè, mo gbé rọ́ọ̀gì yàrá tí a tẹ́ sábẹ́ ibùsùn, níbi tí iná tọ́ọ̀ṣì nìkan ti ń dé. Àwọ̀n wà níbẹ̀ náà! Kò pọ́n tó ti pálọ̀, torí ẹ̀rọ amúlégbóná ò sún mọ́ ọn, ṣùgbọ́n ó wà níbẹ̀. Mo ya fọ́tò mìíràn, mo fi ránṣẹ́. Wọn ò dáhùn.

Ọkọ mi ló lọ ka òfin. Òfin ẹ̀tọ́ oníbàárà ti ọdún 2015 nílẹ̀ yìí sọ pé bí àbùkù bá yọ láàárín oṣù mẹ́fà, a ti gbà pé ó ti wà níbẹ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n ti kó ọjà fún ọ. Ẹni tó tà á ló máa fi hàn pé kò rí bẹ́ẹ̀. Tèmi ò tíì pé oṣù márùn-ún. Ẹ fi rísíìtì pamọ́ o, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kàn jù ú sínú báàgì bí èmi náà ṣe máa ń ṣe.

Sátidé kejì ni mo gbé ara mi lọ síbẹ̀, pẹ̀lú ọ̀rá yẹn tí mo ká bí ẹní, pẹ̀lú rísíìtì, pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn Màmá. Ẹni tí mo bá nídìí káńtà tún bẹ̀rẹ̀: oòrùn. Mo ti ń gbóhùn sókè. Inú mi ló ń sọ fún mi pé kí n má sunkún níwájú wọn, ojú mi kò gbọ́.

Ọmọkùnrin kan wà níbẹ̀ tó máa ń ti kẹ̀kẹ́ ẹrù. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ti rí i níbẹ̀ rí, mo sì mọ̀ ọ́n ní Yorùbá, ẹ̀yin náà mọ bí a ṣe ń mọ̀, ṣùgbọ́n òyìnbó London nìkan ló máa ń sọ sí mi. Lọ́jọ́ yìí, ó rí Màmá pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn àti gèlè lórí. Ó fi kẹ̀kẹ́ sílẹ̀. Mi ò ní parọ́ pé ó dọ̀bálẹ̀, ó kàn tẹ̀ ba ni, ọwọ́ rẹ̀ kan kápẹ́ẹ̀tì tí wọ́n ń tà.

"Ẹ káàsán, mà."

"Pẹ̀lẹ́ o, ọmọ mi. Ọmọ ibo ni ọ́?"

"Bàbá mi, ará Ìkàrẹ́ ni, mà."

"Háà! Ọmọ wa ni."

Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ ti yí padà. Ó yíjú sí mi, ó sọ̀rọ̀ wẹ́rẹ́: "Àǹtí, ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi oòrùn tàn yín jẹ. PVC nìyẹn. Àwa tó ń kó o mọ̀ ọ́n." Ó ṣàlàyé rẹ̀ fún mi láàárín ìṣẹ́jú méjì, ohun tí ilé iṣẹ́ yẹn ò lè ṣàlàyé fún ọ̀sẹ̀ kan. Ọ̀rá PVC le látilẹ̀ wá. Òróró kan ni wọ́n ń pò mọ́ ọn kó lè rọ̀. Òróró yẹn kì í jókòó síbi kan. Bó bá ti wà lórí fánísì fún ìgbà díẹ̀, pàápàá níbi tó bá gbóná, á máa sun jáde, á wọ inú fánísì, á pa á láwọ̀ dà. Ọṣẹ ò lè mú un, torí kì í ṣe orí fánísì ló wà, inú rẹ̀ ló wà. Fífá nìkan ló kù.

Lẹ́yìn náà ló mú wa lọ sẹ́yìn, síbi tí wọ́n kó èyí tó wọ́n sí, ó fa ọ̀kan yọ. Felt ló wà lókè rẹ̀, aṣọ kíki tí wọ́n tẹ̀ pọ̀. Nísàlẹ̀, rọ́bà tí wọ́n ṣe láti ara oje igi. Ó ní kí n gbóòórùn rẹ̀. Kí n tó gbé e dé imú, Màmá ti gbà á. Wọ́n gbóòórùn rẹ̀, wọ́n rẹ́rìn-ín. Àbúrò bàbá wọn ṣiṣẹ́ nínú oko rọ́bà Àràròmí-Òbu nígbà tí wọ́n wà lọ́mọdé. "Rọ́bà gan-an nìyí," ni wọ́n wí. "Èyí tẹ́ ẹ gbé wá yẹn, òórùn ike ló ń rùn."

Ó lọ pe mánéjà fúnra rẹ̀. Mi ò mọ ohun tó sọ fún un. Obìnrin náà jáde, ó wo fọ́tò abẹ́ ibùsùn, ó dákẹ́, ó ní, "Kò sí oòrùn lábẹ́ ibùsùn." Mo fẹ́ dì mọ́ ọn! Wọ́n dá pọ́n-ùn 48 mi padà lójú ẹsẹ̀, wọ́n fún mi ní onírọ́bà-igi méjì lọ́fẹ̀ẹ́, wọ́n sì gbà láti san ìdajì owó tí a máa fi fá ilẹ̀ pálọ̀. Pọ́n-ùn 320 ni ó jẹ́, wọ́n san 160. Ó yẹ kí wọ́n san gbogbo rẹ̀. Mo mọ̀. Ọkọ mi ṣì ń sọ ọ́ títí dòní pé ká gbé wọn lọ sí kóòtù kékeré. Ṣùgbọ́n ó ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí físà Màmá tán, mi ò ní fi ọ̀sẹ̀ mẹ́ta yẹn kọ lẹ́tà.

Ti yàrá, a fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Abẹ́ ibùsùn ni, ta ló ń lọ síbẹ̀?

Ẹni tó wá fá ilẹ̀ kìlọ̀ ohun kan tí mi ò bá má mọ̀: fánísì olóròóró tó fi kùn ún, bó tilẹ̀ gbẹ lọ́jọ́ kejì tí a lè rìn lórí rẹ̀, kò tíì gbó. Ó ní kí n fún un ní oṣù kan gbáko kí n tó tẹ́ ohunkóhun lé e, ìbáà jẹ́ onírọ́bà-igi. Nítorí náà Màmá padà sílé kí rọ́ọ̀gì tó padà sílẹ̀. Lórí WhatsApp ni wọ́n ti rí i. Ìwọ̀n ìgbà tí ilẹ̀ fi wà lásán yẹn, ibọ̀sẹ̀ onírọ́bà kéékèèké nísàlẹ̀ ni mo rà fún wọn. Wọ́n wọ̀ ọ́ lọ sí ọkọ̀ òfúrufú.

Ẹ̀yin tí ilẹ̀ ìdáná yín jẹ́ rọ́bà kápẹ́ẹ̀tì (vinyl), bíi tèmi, ẹ má gbé onírọ́bà-igi yìí lọ síbẹ̀ o. Ọmọ Ìkàrẹ́ yẹn náà ló sọ ọ́: rọ́bà máa ń pa irú ilẹ̀ bẹ́ẹ̀ láwọ̀ dà. Ohun tó ń wo ti pákó sàn lè ba tìyẹn jẹ́.

Ní ilé ìtajà yẹn náà ni mo ti ra àwọn felt róbótó tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ẹsẹ̀ àga. Ẹ má ra àwọn onígọ́ọ̀mù wọ̀nyẹn. Ọ̀sẹ̀ méjì, wọ́n ti yọ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́, gọ́ọ̀mù ń fa irun orí mi mọ́ra, iyanrìn wọ inú wọn, wọ́n wá di sáńpépà tó ń ha ohun tí a ní kí wọ́n dáàbò bò. Èyí tó ní ìṣó láàárín, tí wọ́n ń kàn mọ́ ẹsẹ̀ àga onígi, ló dúró. Mo máa ń yẹ̀ wọ́n wò bí mo bá ń gbálẹ̀. Àga kọ̀ǹpútà ọkọ mi, ẹsẹ̀ táyà líle ló bá a wá; mo pààrọ̀ rẹ̀ sí táyà rírọ̀, yíyọ ti tẹ́lẹ̀ rọrùn bí ìgbà tí èèyàn ń gé bọ́tà.

Ẹ̀ṣẹ̀ kan wà tí kì í ṣe ti ilé ìtajà. Ní ọjọ́ kẹta tí Màmá dé, wọ́n da omi bọ́kẹ́ẹ̀tì kan sílẹ̀ pálọ̀, wọ́n bu Omo sí i, wọ́n fi ìgbálẹ̀ gbọn gbogbo rẹ̀ bí a ṣe ń fọ ọ̀ọ̀dẹ̀. Ibi méjì ṣì wú títí dòní lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu ọ̀nà. Mi ò tíì sọ fún wọn. Bí ẹ bá mọ Màmá mi, ẹ má sọ fún wọn.

Ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún. Ọkọ mi ka ohun tí mo kọ, ó ní ẹni tí ilẹ̀ rẹ̀ bàjẹ́ kì í fúnni ní mẹ́rin. Mẹ́rin ni mo fún wọn: ọ̀kan fún rọ́ọ̀gì, ọ̀kan fún mánéjà tó wo abẹ́ ibùsùn, méjì fún ọmọ Ìkàrẹ́. Èyí tí mo yọ, kì í ṣe nítorí ilẹ̀. Nítorí oòrùn ni.