Owó fèrèsé tí mo san fún Màámi: àgbéyẹ̀wò ìrìnàjò ọkọ̀ ojú irin láti Iléṣà dé Èkó

Nítorí ìjókòó ẹ̀gbẹ́ fèrèsé ni mo ṣe ń kọ eléyìí. Ẹ̀yin tí ẹ ń gbèrò láti bá àwọn tó ń kó èèyàn rìnrìn-àjò afẹ́ láti Iléṣà lọ wọ ọkọ̀ ojú irin n'Íbàdàn, ẹ fara balẹ̀ kà á kẹ́ ẹ tó sanwó. Mi ò ní dárúkọ ilé iṣẹ́ náà, torí ọ̀rọ̀ wa ò tíì parí.

Ètò wọn ni pé bọ́ọ̀sì á gbé wa ní ìdájí, a ó gba Ifẹ̀ àti Ìkirè dé Mọ́níyà, a ó wọ ọkọ̀ ojú irin dé Ẹ̀bùtẹ́ Mẹ́tta, a ó lọ wo ilé tí wọ́n kó ohun èlò rélùwéè àtijọ́ jọ sí, a ó sun Èkó mọ́jú, a ó sì padà sílé. Gbogbo wa la san owó kan náà, ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé á fi owó lé e. Mo fi lé e fún Màámi.

Màámi ti lé ní àádọ́rin ọdún. Òṣómàáló ni bàbá wọn, aṣọ ni wọ́n ń gbé lọ tà lókè Ọya. Ojú irin ò kan Iléṣà rí. Òṣogbo ló dé ní 1907, Òṣogbo náà sì ni àwọn ará wa ti ń lọ wọ̀ ọ́, ibẹ̀ náà ni kòkó ti ń gbéra lọ s'Ékòó. Bí ilé ìwé bá gba ìsinmi, bàbá wọn a mú wọn dání. Láti ìgbà tí mo ti gbọ́n ni Màámi ti ń sọ̀rọ̀ fèrèsé ọkọ̀ yẹn fún wa: fèrèsé tó ṣeé ṣí, tí èèyàn á na ọwọ́ gbà á kó ra ànàmọ́ l'Ọ́fà, tí bàbá wọn á di aṣọ wọn mú lẹ́yìn kí wọ́n lè yọjú wo odò Ọya nígbà tí ọkọ̀ bá gun afárá Jẹ́bà. Ẹni tó bá mọ ìyẹn á mọ̀ pé kì í ṣe ìgbádùn lásán ni mo fowó rà.

Bọ́ọ̀sì ò ní ẹ̀sùn. Ó dé lásìkò, awakọ̀ ò sáré àsápajúdé, ó tilẹ̀ dúró n'Íkirè ká lè ra dòdò.

Mọ́níyà ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀dọ́kùnrin tó ń darí wa ló kó tíkẹ́ẹ̀tì gbogbo wa sọ́wọ́, ó so wọ́n pọ̀ mọ́ rọ́bà. Nígbà tá a wọlé, ó ń nawọ́ sí ìjókòó fún kálukú. Ó nawọ́ sí àárín fún Màámi. Níbi fèrèsé, ọmọkùnrin kan ti jókòó, ó ti gbé fóònù rẹ̀ ka orí irin ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta, ó kọjú ẹ̀ síta.

Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀gbẹ́ fèrèsé la san fún o."

Ó ní, "Ẹ má bínú, àǹtí. Fídíò ilé iṣẹ́ wa ni wọ́n ń ká. Tá a bá ti dé Abẹ́òkúta, wọ́n á dìde fún màámà."

Abẹ́òkúta! Ìdajì ọ̀nà ti tán nígbà yẹn. Mo yọ rìsíìtì síta. Ó gbà á, ó kà á, ó yí ẹ̀yìn rẹ̀ wò, kò sí nǹkan kan lẹ́yìn rẹ̀, ó tún kà á, ó wá ká a sí méjì kó tó dá a padà fún mi. Ó ní, "Ṣùgbọ́n màámà ṣì lè rí ìta láti ibi tí wọ́n wà yìí náà."

Ọwọ́ mi ń gbọ̀n. Ohun tó sì dùn mí jù ni pé Màámi ò bínú rárá. Wọ́n ní, "Fi wọ́n sílẹ̀, ọmọ mi, mo ń rí i." Wọn ò rí i. Ọrùn ni wọ́n ń nà, ejìká ọmọ yẹn àti irin ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta rẹ̀ ló gba gbogbo ojú fèrèsé. Ọkọ̀ ti gbéra, ìgbẹ́ Mọ́níyà ń sá lọ, ìyá mi ń wo ẹ̀yìn orí ọlọ́rí.

Òṣìṣẹ́ rélùwéè kan ló gbà wá. Obìnrin ni, ó wọ aṣọ iṣẹ́ rẹ̀ geerege, ó ń yẹ tíkẹ́ẹ̀tì wò bọ̀. Ó rí mi, ó ní kí ló dé. Mo ṣàlàyé. Kò bá ẹnikẹ́ni jiyàn. Ó gba ìdì tíkẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́ ọ̀dọ́kùnrin yẹn, ó tú rọ́bà rẹ̀, ó yọ ti Màámi, ó wo nọ́ńbà tó wà lára rẹ̀, ó wo nọ́ńbà tó wà lókè ìjókòó. Ti fèrèsé ni! Ó sọ fún onífídíò pé, "Bọ̀ọ̀dá, ẹ dìde, ìyá ló nibí." Ó kúnlẹ̀ kí Màámi, ó di apá wọn mú, ó sì dúró títí wọ́n fi jókòó dáadáa. Ọlọ́run á ṣe é lóore. Mo ti gbàdúrà yẹn láìmọye ìgbà.

Ọkọ̀ náà fúnra rẹ̀ mọ́, ó tutù, kò sì gbọn èèyàn. Nígbà tó jẹ́ pé 2021 ni wọ́n ṣí ọ̀nà yìí, gbogbo nǹkan rẹ̀ ṣì tuntun lójú mi. Màámi fọwọ́ wá ibi tí wọ́n á ti ṣí fèrèsé títí, wọn ò rí i. Wọ́n ní, "Báwo lèèyàn ṣe wá fẹ́ ra nǹkan?" Ṣùgbọ́n ojú wọn ò kúrò níta. Oko ẹ̀gẹ́, ọ̀pẹ, òrùlé páànù, wọ́n ń dárúkọ wọn fún mi bí ẹni pé mi ò rí wọn rí. Nígbà tá a sún mọ́ Agége tí ojú irin àtijọ́ yọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ tiwa, wọ́n gbá mi lẹ́sẹ̀: "Tiwa nìyẹn!"

Mo ti pinnu pé n ò ní bá ọ̀dọ́kùnrin tó ń darí wa yẹn sọ̀rọ̀ mọ́. Àfi bá a ṣe dé Jaekel House l'Ẹ́bùtẹ́ Mẹ́tta, ilé ohun èlò rélùwéè àtijọ́ yẹn, tí wọ́n kọ́ ní 1898, tí wọ́n fi orúkọ Francis Jaekel, ọ̀gá rélùwéè nígbà kan, pè. Ọmọ yẹn mọ iṣẹ́. Ó ṣàlàyé pé 1,067 mílímítà ló wà láàárín irin méjèèjì ti àtijọ́, 1,435 sì ni ti tuntun, ìdí nìyẹn tí ọkọ̀ ti ọ̀kan ò fi lè gun èkejì. Ó ní ibi tí irin ti pàdé irin ni ìró fàkàfíkì àtijọ́ ti ń wá, pé wọ́n ti jó ti tuntun pọ̀ ni kò fi pariwo. Ó sọ ti Michael Imoudu, olórí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ rélùwéè, àti àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ nínú ìyanṣẹ́lódì ọdún 1945, gbogbo wa dákẹ́.

Lẹ́yìn náà ló wá dọ̀bálẹ̀ fún Màámi, ó ní kí wọ́n jọ̀ọ́ sọ bí ti ìgbà tiwọn ṣe rí. Màámi sọ ohun tí mi ò gbọ́ rí láti ọjọ́ tí wọ́n ti bí mi. Wọ́n ní bí ẹni tó ń yẹ tíkẹ́ẹ̀tì bá ti lu tiwọn, bébà róbótó tó bá já bọ́ sílẹ̀, àwọn ọmọdé á máa jà du ú. Wọ́n ní àwọn a máa so tàwọn mọ́ etí aṣọ dé Iléṣà, káwọn ọ̀rẹ́ lè gbà pé lóòótọ́ làwọn wọkọ̀.

Síbẹ̀, mo béèrè owó fèrèsé mi nígbà tá a délé. Ẹni tó gbé fóònù ní, níwọ̀n ìgbà tí màámà ti jókòó síbẹ̀ nígbẹ̀yìn, kò sí owó tí wọ́n máa dá padà. Òṣìṣẹ́ rélùwéè ló bá wa yanjú ẹ̀, kì í ṣe ẹ̀yin! Ká tilẹ̀ fi owó sílẹ̀, ẹ tọrọ àforíjì lọ́wọ́ ìyá mi. Títí di bí mo ṣe ń kọ èyí, wọn ò tíì ṣe é. Omi ò tún yọ nílé tí wọ́n ní ká sùn sí.

Mo fún wọn ní mẹ́rin nínú márùn-ún. Màámi ti ní kí n béèrè ìgbà tí wọ́n tún ń lọ, èmi náà á sì bá wọn lọ. Ẹ̀yin tí ẹ bá fẹ́ lọ, ẹ gba tíkẹ́ẹ̀tì yín sọ́wọ́ ara yín ní Mọ́níyà, kẹ́ ẹ sì wo nọ́ńbà ìjókòó kẹ́ ẹ tó wọlé.