Taraf de Haïdouks (1991): ẹ kọ́kọ́ gbọ́ bàbá onífayolíìnì yẹn ná

Ẹni tó bá fẹ́ orin dídán tí wọ́n ti tún ṣe ní situdíò, kó má wulẹ̀ náwó sí Musique des Tziganes de Roumanie, àwo tí ẹgbẹ́ olórin Taraf de Haïdouks ṣe. Crammed Discs, ilé-iṣẹ́ tó ń gbé àwo orin jáde ní Brussels, Belgium, ló gbé e jáde. Ọmọ Roma (ẹ̀yà tí àwọn kan ń pè ní Gypsy) láti abúlé Clejani, nítòsí Bucharest ní Ròmáníà, ni àwọn olórin inú rẹ̀. Iṣẹ́ ìdílé ni orin lọ́wọ́ wọn, ọmọ ń kọ́ ọ lọ́dọ̀ bàbá.

Nicolae Neacșu, onífayolíìnì wọn, ló mú kí n rà á. Bàbá náà ti lé lọ́gọ́ta ọdún nígbà tí àwo yìí jáde. Orin kan wà tó fi ń ròyìn bí Ceaușescu, apàṣẹwàá Ròmáníà, ṣe ṣubú lórí àlééfà ní 1989. Níbẹ̀, ó so fọ́nrán irun ẹṣin mọ́ okùn fayolíìnì rẹ̀, ó wá ń fi ìka fa irun ọ̀hún wálẹ̀ díẹ̀díẹ̀, kò lo ọ̀pá tí wọ́n fi ń ta fayolíìnì. Ìró tó ń jáde wúwo, ó ń ha, ó ń gbọ̀n. Bí ẹ bá ti gbọ́ gòjé nínú sákárà Yusuf Olatunji rí, ẹ óò mọ ohun tí mò ń wí. Irun ẹṣin náà ṣáà ni okùn gòjé. Bàbá ò pariwo rárá. Ohùn rẹ̀ ti há, ó kàn ń rojọ́ ìlú lọ ni. Mi ò gbọ́ èdè wọn, síbẹ̀ mo máa ń dá ibẹ̀ padà.

Ìyókù àwo náà, ijó ló pọ̀ jù níbẹ̀: fayolíìnì, àkọ́díọ̀nù, àti cimbalom, ìyẹn àpótí olókùn wáyà tí wọ́n ń fi ọ̀pá kékeré méjì lù. Wọ́n yára débi pé etí lè má bá wọn dé ibi tí wọ́n ń lọ. Ẹ̀dùn ọkàn mi kan ni pé àwọn orin eré sísá náà máa ń tẹ̀ léra jù. Ẹ má sì fi ẹnu fóònù gbọ́ ọ o, ariwo lásán ni cimbalom yóò dà. Ẹ wá nǹkan tí ẹ óò kì sétí.

Ẹrú ni àwọn Roma ní Wallachia, agbègbè tí Clejani wà, títí di 1856, àwọn olórin inú wọn a sì máa ṣeré fún àwọn ọlọ́lá tó ni wọ́n. Ìjọba Ceaușescu pàápàá ò kà wọ́n sí ẹ̀yà kan lọ́tọ̀. Pẹ̀lú gbogbo ìyẹn, orin yìí ṣì wà lẹ́nu àgbàlagbà, ó wà lọ́wọ́ ọmọdé.

Mo ti gbọ́ àwọn àwo tó tẹ̀ lé e. Band of Gypsies, tí wọ́n ṣe pẹ̀lú Kočani Orkestar, ẹgbẹ́ afunfèrè láti North Macedonia, dára fún òde àríyá. Maškaradă ti 2007, níbi tí wọ́n ti ń ta orin àwọn olórin kíláásíkà bíi Bartók ti Hungary lọ́nà tiwọn, ọgbọ́n wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n kì í wù mí gbọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Neacșu ti kú ní 2002, àìsí rẹ̀ sì hàn.

Ìràwọ̀ mẹ́rin nínú márùn-ún ni mo fún ti 1991. Kẹ́ ẹ tó sanwó, ẹ wá orin Ceaușescu yẹn gbọ́ lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Bí kò bá mú yín lọ́kàn, ẹ fi owó yín sápò.